Àfòpiná Tí Ó Ru Agbárí Sẹ́yìn

Yorùbá bọ̀, wọ́n ní labalábá tí ó fi ara rẹ̀ wé ẹyẹ kò lè ṣe ìṣe ẹyẹ. Òwe yìí dára fún bíbá agbéraga wí, bóyá ni olùkọ́ Yorùbá kan sì wà tí kò tíì kọ ọ́ sí ojú pátákó rí. Ṣùgbọ́n ó jọ pé ojúmọmọ ni ẹni tí ó kọ́kọ́ pa á ti wo labalábá, nígbà tí ó ń rá bàbà láti orí òdòdó kan sí òmíràn, tí atẹ́gùn díẹ̀ ń gbá a sọ́tùn-ún, tí ó ń gbá a sósì. Labalábá ní ìbátan kan tí ó jẹ́ pé ìgbà tí adìyẹ bá ti wọlé ni iṣẹ́ tirẹ̀ ń bẹ̀rẹ̀. Àfòpiná ni. Orúkọ yẹn ti fẹ́rẹ̀ẹ́ sọ ìtàn rẹ̀ tán: kòkòrò tí ó fò láti lọ pa iná. Àwọn àgbà sì fi kún un pé àfòpiná tí ó ní òun yóò pa fìtílà, ara rẹ̀ ni yóò pa.

Báyìí ni òwe méjì ṣe dá ìdílé kòkòrò kan lẹ́jọ́: ti ọ̀sán kò lè fò, ti òru kò gbọ́n. Ẹni tí ó bá ka ìtàn ìgbésí ayé àfòpiná kan pàtó, èyí tí àwọn ará Yúróòpù ti ń bẹ̀rù láti ìgbà pípẹ́, yóò fẹ́ kí wọ́n tún ẹjọ́ náà gbọ́.

Acherontia atropos ni àwọn onímọ̀ sáyẹ́ǹsì ń pè é. Gẹ̀ẹ́sì, Faransé àti Jámánì, olúkúlùkù ní èdè tirẹ̀, fún un ní orúkọ tí orí òkú wà nínú rẹ̀. Bí ó bá ṣe pé Yorùbá ni yóò sọ ọ́ lórúkọ, Àfòpiná Alágbárí ni kì bá jẹ́, nítorí pé agbárí ni ó rù sẹ́yìn.

Kòkòrò ńlá ni. Bí ó bá tẹ́ ìyẹ́ rẹ̀ sílẹ̀, láti ṣóńṣó ìyẹ́ kan dé ṣóńṣó èkejì lè tó sẹ̀ǹtímítà 13. Yóò kún àtẹ́lẹwọ́ àgbàlagbà, yóò sì tún yọ síta. Ara rẹ̀ ki pọ́pọ́, irun wínníwínní sì bò ó bí aṣọ àrán. Ìyẹ́ iwájú méjèèjì dúdú bí èèpo igi tí òjò ti pa fún ọ̀pọ̀ ọdún, pẹ̀lú ìlà àti àbàwọ́n tí ó jẹ́ kí ó ṣòroó dá mọ̀ bí ó bá lẹ̀ mọ́ ara igi ní ọ̀sán. Ìyẹ́ ẹ̀yìn ni ó ní ẹwà tí ó ń fi pamọ́: àwọ̀ ìyeyè ni, ìlà dúdú méjì sì gba orí rẹ̀ kọjá. Ikùn rẹ̀ náà jẹ́ àwọ̀ ìyeyè tí a fi dúdú dá lábàlà, bí ti oyin gan-an, ìlà aláwọ̀ eérú kan sì gba àárín rẹ̀ dé ìdí.

Láàárín ọrùn àti ikùn, ní orí ẹ̀yìn, ni ohun tí ó ba orúkọ rẹ̀ jẹ́ wà. Àmì kan tí ó mọ́ ju ibi yòókù lọ ni, ẹ̀kán dúdú méjì wà nínú rẹ̀ bí ihò ojú, ìsàlẹ̀ rẹ̀ sì rí bí eyín àti àgbọ̀n. Agbárí ènìyàn géérégé. Bẹ́ẹ̀ sì ni kò sí egungun kan ṣoṣo nínú ara kòkòrò yìí láti orí dé ìdí. Ìpẹ́ kéékèèké tí ó dà bí ìyẹ̀fun, irú èyí tí ó máa ń lẹ̀ mọ́ ìka ẹni tí ó bá di labalábá mú, ni ó tò ara rẹ̀ jọ bẹ́ẹ̀. Ojú ènìyàn ni ó wá fi agbárí sí i.

Àwọn ọ̀mọ̀wé gan-an kò bọ́ lọ́wọ́ ojú yẹn. Ní 1758, Carl Linnaeus, ọmọ ilẹ̀ Swídìn tí ó kọ́ aráyé ní ọ̀nà tí wọ́n ń gbà sọ ẹranko àti ewéko lórúkọ, fún un ní orúkọ atropos. Nínú ìtàn àtẹnudẹ́nu àwọn Gíríìkì, obìnrin mẹ́ta ni ó ń ṣàkóso ìgbà ẹ̀dá: ọ̀kan ń ran òwú ẹ̀mí, ọ̀kan ń wọ̀n ọ́n, ẹnì kẹta, Atropos, ni ó sì ń gé e. Lẹ́yìn náà ni wọ́n tún fi orúkọ Acheron kún un, odò kan ní ìpínlẹ̀ àwọn òkú. Àwọn ìbátan rẹ̀ méjì tí ó wà ní Éṣíà kò ṣàì gba tiwọn: ọ̀kan ń jẹ́ styx, odò òkú mìíràn, èkejì ń jẹ́ lachesis, obìnrin tí ń wọn òwú. Kí kòkòrò náà tó fi ẹsẹ̀ kan wọ inú ìwé ẹ̀kọ́, wọ́n ti ka ẹjọ́ ikú sí i lọ́rùn.

Bí àwọn ọ̀mọ̀wé bá ṣe báyìí, kí ni àwọn ará abúlé yóò ṣe? Ní ọ̀pọ̀ ibi ní Yúróòpù, bí ó bá fò wọlé lálẹ́, àmì ikú ni. Ní àwọn apá kan ní ilẹ̀ Faransé, wọ́n gbà pé ìyẹ̀fun ìyẹ́ rẹ̀ a máa fọ́ni lójú. Ohun tí ó tún fi kún ẹ̀rù náà ni pé kòkòrò yìí ń ké. Bí ènìyàn bá fọwọ́ kàn án, yóò han ṣínṣín bí èkúté inú ilé. Labalábá mélòó ni ènìyàn gbọ́ tí ó ké rí? Ohun tí ó ru agbárí, tí ó ń rìn lóru, tí ó tún ń ké, ta ni yóò dúró bi í ní orúkọ bàbá rẹ̀?

Ní 1801, nígbà tí àìsàn ọpọlọ Ọba George Kẹta ti ilẹ̀ Gẹ̀ẹ́sì tún padà dé, wọ́n rí àfòpiná yìí nínú yàrá tí ọba ń sùn. Ẹni tí ó bá gba àmì gbọ́ yóò ti máa wá pósí kiri. Ọba náà kò kú títí di 1820.

Ìtàn kúkúrú kan tí Edgar Allan Poe kọ ní Amẹ́ríkà ní 1846, The Sphinx, mú ẹ̀rù yìí, ó sì yí i po. Àrùn onígbá méjì ń pa àwọn ará New York. Ọkùnrin kan sá lọ sí ilé ìbátan rẹ̀ ní ẹ̀bá odò. Ibi tí ó ti jókòó sí ojú fèrèsé ni ó ti rí ẹranko abàmì kan tí ó tóbi ju ọkọ̀ ojú omi lọ, tí ó ń sọ̀ kalẹ̀ láti orí òkè, àwòrán agbárí sì wà ní àyà rẹ̀. Ó gbà pé ikú òun ti dé. Ìbátan rẹ̀, tí orí tirẹ̀ pé, gbé ìwé kan sílẹ̀ láti orí pẹpẹ ìwé, ó ka àpèjúwe kòkòrò kan nínú rẹ̀, ó sì jókòó sí ibi tí èkejì jókòó sí. Kòkòrò náà kò sí lórí òkè kankan. Ó ń gun okùn aláǹtakùn kan ní ojú fèrèsé, ó sì súnmọ́ ojú ọkùnrin náà tó bẹ́ẹ̀ tí ó fi bo gbogbo òkè mọ́lẹ̀. Àwọn olùkọ́ lítíréṣọ̀ tí wọ́n ń wá àpẹẹrẹ ojú-ìwòye nínú ìtàn àròsọ kò gbọdọ̀ fi èyí sílẹ̀.

Ti Vincent van Gogh dùn jù bẹ́ẹ̀ lọ. Ní oṣù karùn-ún 1889, ó wà ní ilé ìwòsàn àwọn alárùn ọpọlọ ní Saint-Rémy ní gúúsù ilẹ̀ Faransé. Ó rí àfòpiná ńlá kan, ó yà á, ó sì kọ lẹ́tà sí Theo àbúrò rẹ̀ pé òun rí èyí tí wọ́n ń pè ní orí òkú. Ó ní kí òun tó lè fi ọ̀dà kùn ún bí ó ti yẹ, òun ní láti pa á, àánú rẹ̀ yóò sì ṣe òun nítorí pé ó lẹ́wà púpọ̀. Àwòrán náà wà ní Amsterdam títí di òní. Ẹni tí ó bá mọ kòkòrò tí ó bá wò ó yóò rí i pé Van Gogh ṣi orúkọ pè: àfòpiná ológo-ojú ni ó yà, Saturnia pyri, èyí tí ó tóbi jù ní gbogbo Yúróòpù, tí ó ní àmì bí ojú mẹ́rin ní ìyẹ́. Àṣìṣe kékeré ni. Ohun tí ó ṣe pàtàkì ni pé ọkùnrin kan tí orí ara rẹ̀ ń dà á láàmú rò pé ojú òun àti ojú kòkòrò ikú ṣe mẹ́rin, kò sì fẹ́ pa á.

Àwọn oníṣòwò fíìmù kò ní irú àánú bẹ́ẹ̀. Nígbà tí fíìmù The Silence of the Lambs jáde ní 1991, wọ́n fi àfòpiná yìí sí ojú ìpolówó rẹ̀, wọ́n sì fi agbárí mìíràn rọ́pò èyí tí ó gbé wá sáyé. Ó jọ pé tirẹ̀ kò bani lẹ́rù tó.

Ẹnì kan ṣoṣo nínú ìtàn yìí ni ó mọ Alágbárí dáadáa láìwo agbárí rẹ̀, ojú rẹ̀ sì fọ́. François Huber ni orúkọ rẹ̀, ọmọ ìlú Geneva tí wọ́n bí ní 1750. Kí ó tó di géńdé ni ìmọ́lẹ̀ ti ń ṣú mọ́ ọn lójú, ṣùgbọ́n ó fi gbogbo ayé rẹ̀ kẹ́kọ̀ọ́ nípa oyin, ó sì rí ohun tí àwọn olójú kò rí. Ojú ẹlòmíràn ni ó ń yá lò: ti ìránṣẹ́ rẹ̀ François Burnens, àti lẹ́yìn náà ti ìyàwó rẹ̀ àti ti ọmọ rẹ̀. Òun ni yóò ronú ìbéèrè, àwọn ni yóò lọ wò ó wá, òun ni yóò sì tú ohun tí wọ́n rí palẹ̀.

Nínú ìwé rẹ̀ tí ó jáde ní 1814, Huber ròyìn ọ̀tá tuntun kan tí ó dé bá àwọn oyin agbègbè rẹ̀. Ilé oyin tí ó ti wúwo fún oyin ń fúyẹ́ láìsí ẹni tí ó gbé nǹkan níbẹ̀. Wọ́n kọ́kọ́ ń fura sí àwọn olè mìíràn. Nígbà tí wọ́n ṣọ́ ọ, àfòpiná ńlá yìí ni ó ń dé ní ìrọ̀lẹ́, tí ó ń wọ inú ilé oyin lọ. Huber kò tilẹ̀ dúró lórí àwòrán ẹ̀yìn rẹ̀ púpọ̀. Ohun tí ó gbà á lọ́kàn ni ìdáhùn àwọn oyin. Wọ́n po ìda mọ́ oje igi, wọ́n fi mọ odi sí ẹnu ọ̀nà, wọ́n sì fi ihò kéékèèké sílẹ̀ tí oyin lè gbà ṣùgbọ́n tí kòkòrò abara-ńlá kò lè gbà. Nígbà tí ewu náà kọjá, tí iṣẹ́ pọ̀ tí ẹnu ọ̀nà tóóró sì ń dí wọn lọ́wọ́, wọ́n wó odi náà. Nígbà tí olè tún padà dé ní ọdún mìíràn, wọ́n tún un mọ.

Àwọn tí ó ní ojú méjèèjì sọ pé ikú ni kòkòrò yìí. Afọ́jú ni ó sọ pé olè oyin ni. Olè oyin ni lóòótọ́.

Ẹnu rẹ̀ gan-an ló fi í hàn. Ọ̀pọ̀ nínú àwọn ìbátan rẹ̀ ní ẹnu ìfàmu gígùn tí ó tẹ́ẹ́rẹ́, tí wọ́n ń nà wọ inú òdòdó lọ. Tirẹ̀ kúrú, ó le, ó sì mú ní ṣóńṣó; ó dára fún dídá ìda afárá oyin lu, kò dára fún òdòdó jíjìn. Ẹnu yìí kan náà ni ó fi ń ké. Ó ń fa afẹ́fẹ́ wọ ọ̀nà ọ̀fun, ìpéǹpé kan níbẹ̀ ń gbọ̀n, yóò sì tún ti afẹ́fẹ́ náà jáde, bí ìgbà tí ènìyàn bá ń fà tí ó sì ń ti àkọ́díọ̀nù. Èyí ni gbogbo ohun tí ó wà nínú igbe tí ó ń lé àgbàlagbà jáde nínú yàrá.

Báwo ni ó ṣe ń wọ àárín ẹgbẹẹgbẹ̀rún oyin tí wọn kì í ta á pa? Nígbà mìíràn, wọ́n ń ta á pa. Wọ́n ti rí òkú rẹ̀ nínú ilé oyin, tí àwọn onílé ti fi oje igi wé e. Ṣùgbọ́n awọ ara rẹ̀ le, ìwádìí kan tí ó jáde ní 1991 sì fi hàn pé ọ̀rá tí ó wà ní ara rẹ̀ bá èyí tí ó wà ní ara oyin mu. Òórùn onílé ni ó ń gbé wọlé. Inú òkùnkùn ilé oyin kò sí ẹni tí ó ń wo ojú ẹni. Imú ni wọ́n fi ń mọ ọmọ ilé. Agbárí tí ó dẹ́rù ba ọba àti òǹkọ̀wé kò wúlò fún un níbẹ̀ rárá.

Bí ó ti ń wá sáyé ni ó yẹ kí àwọn akẹ́kọ̀ọ́ fara balẹ̀ kà, nítorí pé àwòrán labalábá tí ó wà nínú ìwé sáyẹ́ǹsì ilé ẹ̀kọ́ ti mọ́ wọn lára jù: ẹyin, ìdin, àpò tí ó so rọ̀, labalábá, pẹ̀lú ọfà tí ó yí i po di òbìrí. Akẹ́kọ̀ọ́ yóò yà á, olùkọ́ yóò fún un ní máàkì, kò sì ní sí ẹni tí yóò béèrè ibi tí òbìrí náà wà lórí ilẹ̀ ayé.

Abo Alágbárí a máa yé ẹyin rẹ̀ ní ọ̀kọ̀ọ̀kan sí abẹ́ ewé. Kì í kó wọn jọ sí ojú kan bí àwọn kòkòrò mìíràn. Ewé tí ó yàn láàyò ní Yúróòpù ni ti ànàmọ́ òyìnbó, èyí tí ọ̀pọ̀ ń pè ní pòtétò. Ìdin tí ó jáde kéré, ó sì ní ìwo kan ní ìdí tí ó gùn ju bí ó ti yẹ lọ, bí ọmọdé tí ó wọ fìlà bàbá rẹ̀. Ó ń jẹ, ó ń bọ́ awọ, ó tún ń jẹ. Awọ mẹ́rin ni yóò bọ́ sílẹ̀ kí ó tó dàgbà tán. Nígbà náà yóò ti gùn tó sẹ̀ǹtímítà 12 tàbí jù bẹ́ẹ̀ lọ, yóò sì sanra ju ìka ọwọ́ lọ. Òmíràn jẹ́ àwọ̀ ìyeyè, òmíràn jẹ́ àwọ̀ ewé, pẹ̀lú ìlà aláwọ̀ aró tí ó dábùú ẹ̀gbẹ́ rẹ̀. Òmíràn dúdú bí igi gbígbẹ. Ọmọ ìyá kan náà lè pín sí mẹ́ta báyìí. Ìwo ìdí rẹ̀ ti wá kúrú, ó ká, ó sì rí págunpàgun. Kì í ta ènìyàn. Bí wọ́n bá yọ ọ́ lẹ́nu, yóò pa eyín pọ̀ ta-ta-ta, gbogbo ìjà rẹ̀ ni ìyẹn.

Ọjọ́ kan dé, yóò sì kọ oúnjẹ. Àwọ̀ ara rẹ̀ yóò ṣá, yóò sọ̀ kalẹ̀ lórí ewé, yóò sì máa rìn kiri lórí ilẹ̀ bí ẹni tí ó ń wá nǹkan tí ó sọnù. Ilẹ̀ rírọ̀ ni ó ń wá. Nígbà tí ó bá rí i, yóò fi orí wa ilẹ̀ wọlé, yóò sì fi ara rẹ̀ tẹ erùpẹ̀ sẹ́yìn títí yóò fi ní yàrá tí ògiri rẹ̀ dán. Kò hun òwú kankan bo ara rẹ̀. Inú yàrá yẹn ni yóò ti bọ́ awọ ìkẹyìn, ohun tí yóò sì kù yóò dà bí pákó kékeré tí wọ́n fá, tí wọ́n sì fi epo pa: ó pọ́n, ó ń dán, kò ní ẹsẹ̀, kò ní ẹnu. Àwọn onímọ̀ sáyẹ́ǹsì ń pe ipò yìí ní pupa. Látìn ni ọ̀rọ̀ náà, ọmọlangidi ni ó túmọ̀ sí, kò ní í ṣe pẹ̀lú àwọ̀ pupa ti Yorùbá, bí ó tilẹ̀ jẹ́ pé èyí pọ́n lóòótọ́. Akẹ́kọ̀ọ́ tí ó bá da méjèèjì pọ̀ kò jẹ̀bi púpọ̀.

Nígbà tí ó jẹ́ pé ọkọ́ àti ọwọ́ ni àwọn àgbẹ̀ ilẹ̀ Gẹ̀ẹ́sì fi ń wa pòtétò, wọ́n sábà máa ń kan ọmọlangidi yìí nínú ebè. Ẹ̀rọ ìkórè àti oògùn apakòkòrò ti jẹ́ kí ó ṣọ̀wọ́n.

Ibi ni òbìrí inú ìwé ti já. Bí ilẹ̀ bá gbóná, ọ̀sẹ̀ mélòó kan tó fún ọmọlangidi láti la ara rẹ̀, kí àfòpiná sì gun òkè wá láti inú erùpẹ̀, pẹ̀lú ìyẹ́ tí ó rún bí aṣọ tí wọ́n fún. Yóò gun igi, yóò dúró kí ìyẹ́ náà ó nà, kí ó sì gbẹ. Ṣùgbọ́n ilẹ̀ àríwá Yúróòpù kì í gbóná pẹ́. Yìnyín a máa bọ́, ilẹ̀ a sì máa dì bí òkúta. Ọmọlangidi tí òtútù bá ká mọ́ inú ilẹ̀ ní ilẹ̀ Gẹ̀ẹ́sì tàbí ní Jámánì kì í jí mọ́. Ikú wà nínú ìtàn kòkòrò yìí lóòótọ́, ṣùgbọ́n kì í ṣe ikú ẹni tí ó rí i. Ikú ọmọ tirẹ̀ ni.

Kí ni ó dé tí ìran rẹ̀ kò fi tíì parí níbẹ̀? Nítorí pé kì í ṣe ọmọ ibẹ̀ nìkan. Áfíríkà ni ilé rẹ̀, títí kan apá ìwọ̀-oòrùn, bẹ́ẹ̀ náà ni àwọn ilẹ̀ olóoru tí ó yí Òkun Mẹditaréníà ká. Láti gúúsù ni ó ti ń gòkè lọ ní ìgbà ìrúwé àti ìgbà ẹ̀ẹ̀rùn àwọn Òyìnbó, tí ó ń sọdá òkun, tí ó ń sọdá òkè, títí yóò fi dé oko pòtétò. Àwọn ará abúlé tí wọ́n ń sọ pé ilẹ̀ òkú ni ó ti wá kò mọ̀ pé ibi tí oòrùn ti ń ràn ni ó ti ń bọ̀. Ní Áfíríkà, ìdin rẹ̀ ń jẹ ewé tábà, tòmátì, ìgbá àti yànmọtí. Bí àgbẹ̀ kan ní ilẹ̀ Yorùbá bá kan ìdin ńlá oníwo-ìdí nínú ìlà ìgbá rẹ̀, tí ó sì gbé ẹsẹ̀ sókè láti tẹ̀ ẹ́, ó lè jẹ́ arìnrìn-àjò tí kò tíì hu ìyẹ́ ni ó fẹ́ tẹ̀ pa. Àgbẹ̀ ní ẹ̀tọ́ sí ìgbá rẹ̀. Kò sí ẹni tí yóò bá a jà. Ó kàn dára kí ó mọ ohun tí ó wà lábẹ́ bàtà ni.

Fún ìgbà pípẹ́, àwọn onímọ̀ rò pé bí atẹ́gùn bá ti fẹ́ ni kòkòrò arìnrìn-àjò ń lọ. Èrò yìí àti òwe labalábá jọ wà ní ìdí kan náà: ohun tí ó kéré tó bẹ́ẹ̀ kò lè mọ ibi tí ó ń lọ. Ìyàtọ̀ ni pé àwọn onímọ̀ lọ dán tiwọn wò. Àwọn olùwádìí kan, tí Myles Menz àti Martin Wikelski wà lára wọn, kó ìdin Alágbárí sí ilé ìwádìí, wọ́n sì tọ́ wọn dàgbà níbẹ̀, kí wọ́n lè mọ̀ dájú pé kò sí èyí tí ó ti rin ọ̀nà náà rí. Nígbà tí wọ́n di àfòpiná, wọ́n lẹ ẹ̀rọ rédíò kan mọ́ wọn lára, èyí tí ìwọ̀n rẹ̀ kò tó gíráàmù kan. Ní ìlú Konstanz ní gúúsù Jámánì ni wọ́n ti tú wọn sílẹ̀, nígbà tí òtútù ti ń bọ̀. Wikelski fúnra rẹ̀ wa ọkọ̀ òfuurufú kékeré kan, ó sì ń tẹ̀lé wọn lókè nínú òkùnkùn.

Ìròyìn iṣẹ́ náà jáde ní 2022. Àfòpiná 14 ni wọ́n tẹ̀lé. Wọn kò fò bí ewé tí atẹ́gùn ń gbá. Ọ̀nà tààrà ni wọ́n tọ̀, tí wọ́n kọjú sí apá gúúsù, sí ọ̀nà òkè Alps. Bí atẹ́gùn bá wà lẹ́yìn wọn, wọ́n gòkè, wọ́n jẹ́ kí ó gbé wọn. Bí ó bá kọjú sí wọn, wọ́n sọ̀ kalẹ̀ súnmọ́ ilẹ̀, níbi tí agbára rẹ̀ ti dín kù, wọ́n sì tẹ̀ síwájú. Bí ó bá fẹ́ gbá wọn sí ẹ̀gbẹ́, wọ́n yí ara wọn díẹ̀, wọ́n sì di ọ̀nà mú. Kò sí bàbá tí ó ṣíwájú wọn, kò sí ìyá tí ó fi ọ̀nà hàn wọ́n. Iyá ti kú kí ìdin tó kọ́ jẹun tán. Ó ṣeé ṣe kí ẹni tí ó pa òwe labalábá béèrè, bí ó bá gbọ́ èyí, irú iṣẹ́ ẹyẹ wo ni ó tún kù.

Ibi tí ó jìnnà jù tí wọ́n tẹ̀lé ọ̀kan dé jẹ́ nǹkan bí kìlómítà 80, láàárín wákàtí mẹ́rin. Nígbà náà, kò tíì sí kòkòrò mìíràn tí ẹnikẹ́ni tẹ̀lé jìnnà tó bẹ́ẹ̀ nínú ìrìn-àjò rẹ̀ láìgbójú kúrò lára rẹ̀. Láti ibẹ̀, ìyókù òkè Alps ṣì wà níwájú rẹ̀, òkun sì wà lẹ́yìn òkè. Òkùnkùn ni. Ìlú ń tan iná nísàlẹ̀, ẹgbẹẹgbẹ̀rún fìtílà. Àfòpiná náà kò yà. Ó ń lọ sí gúúsù, agbárí rẹ̀ wà lẹ́yìn rẹ̀, níbi tí òun fúnra rẹ̀ kò ti lè rí i láéláé.